Ojú Ni Bàbá Sọ́jà Fi Ń Gbọ́ràn

Aago mẹ́wàá àárọ̀ ọjọ́ Ajé kan ni iná ọba lọ ní àdúgbò wa ní Ṣómólú, tí ẹ̀rọ ìtẹ̀wé ńlá tó wà láàárín ilé sì dákẹ́ lójijì. Mo rántí ìdákẹ́rọ́rọ́ yẹn dáadáa, nítorí òun ló fi ohun kan hàn mí tí mo ti ń wò láti oṣù méjì láì rí i. Nígbà tí ẹ̀rọ bá ń ṣiṣẹ́, ọwọ́ ni gbogbo wa fi ń bá ara wa sọ̀rọ̀, torí pé kò sí ohùn tó lè borí ariwo náà. Bí iná ṣe lọ, gbogbo wa padà sí fífi ẹnu sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹnì kan ṣoṣo ni kò padà. Bàbá Sọ́jà, àgbàlagbà tó ń darí ẹ̀rọ náà, fi ìka méjì fún imú rẹ̀ pọ̀, ó sì kọjú sí mi. Ní ilé ìtẹ̀wé wa, kẹrosíìnì nìyẹn túmọ̀ sí. Ó fẹ́ fọ ẹ̀rọ kí iná tó dé.

Mo ti tẹjú mọ́ ìwé tó wà níwájú mi kí n tó dáhùn. "Bàbá, kẹrosíìnì ti tán." Ó tún fún imú rẹ̀ pọ̀. Mo tún un wí, mo sì tún un wí lẹ́ẹ̀kẹta, inú ti ń bí mi díẹ̀. Màmá tó ni ilé ìtẹ̀wé bú sẹ́rìn-ín láti ibi tó jókòó sí lẹ́nu ọ̀nà.

"Ìwọ ọmọ yìí, ta lò ń bá sọ̀rọ̀? Gbójú sókè kó rí ẹnu ẹ. Etí yẹn ti di, ṣé o ò mọ̀ ni?"

N kò mọ̀. Ohun tí mo mọ̀, tàbí tí mo rò pé mo mọ̀, ni pé agbéraga ni bàbá náà. Láti oṣù méjì ni mo ti ń kí i láti ẹ̀yìn láràárọ̀ tí kì í jẹ́ mi lóhùn, mo sì ti pinnu nínú ara mi pé àwọn sọ́jà àtijọ́ kò ka ọmọdé sí. Ẹ̀rí tí mo fi dá ẹjọ́ yẹn kò tó nǹkan, bẹ́ẹ̀ mo rò pé ẹni tó ń yẹ ẹ̀rí wò ni mí.

Ọdún tí àwọn alágbádá gba ìjọba padà lọ́wọ́ àwọn ológun ni. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ parí iṣẹ́ àgùnbánirọ̀, mo ń gbé lọ́dọ̀ àbúrò ìyá mi ní Abúlé Òkúta ní Bàrígà, mo sì ń retí iṣẹ́ gidi. Kí iṣẹ́ gidi tó dé, mo ń bá Màmá ka ìwé yẹ̀wò kí wọ́n tó tẹ̀ ẹ́: ìwé ìkésíni, kàlẹ́ńdà ìjọ, ìwé ìdúpẹ́ olóyè. Ìtàn ni mo kà ní yunifásítì. Wọ́n kọ́ wa níbẹ̀ pé bí ẹnikẹ́ni bá sọ ohun kan, kí a bèèrè ibi tó wà nígbà tí ohun náà ṣẹlẹ̀, kí a sì bèèrè èrè tó máa jẹ níbẹ̀ bí a bá gbà á gbọ́. Ìbéèrè méjèèjì yìí ni mo ń gbé káàkiri bí ẹní gbé òṣùwọ̀n, mo sì ti wọn ènìyàn púpọ̀ tí kò ní kí n wọn òun.

Ọjọ́ náà gan-an, nígbà tí iná kò tètè dé, Bàbá Sọ́jà gbé àpótí rẹ̀ wá síwájú tábìlì mi. Ó jókòó, ó tẹjú mọ́ ẹnu mi.

"Màmá ní ìwọ lo kàwé jù nínú ilé yìí. Wọ́n ní mo purọ́, ọmọ mi. Bá mi wò ó bóyá mo purọ́."

Ọ̀rọ̀ tó sọ kò gùn. Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ ni. Ó wọ iṣẹ́ ológun nígbà ogun abẹ́lé, ó sì wà lára àwọn tó ń ki ọta sínú àgbá ńlá. Ìró àgbá yẹn ló gba etí rẹ̀, ó ní bí òjò tó ń rọ̀ sórí páànù ló kọ́kọ́ rí, nígbà tó yá òjò náà dá, kò sì gbọ́ nǹkan kan mọ́ àfi bí wọ́n bá pariwo sí i létí ọ̀tún. Ogun parí, ó kúrò lẹ́nu iṣẹ́, ó wá sí Èkó. Kò gba nǹkan kan nítorí etí náà. Nígbà tí ìjọba tuntun dé, ìròyìn tàn kálẹ̀ láàárín àwọn ọmọ ogun àtijọ́ pé àwọn tó farapa lẹ́nu iṣẹ́ tí wọn kò gba ẹ̀tọ́ wọn lè wá ṣàlàyé ara wọn. Ó lọ. Akọ̀wé tó bá níbẹ̀ ṣí fáìlì rẹ̀, ó ní ọjọ́ tó fi iṣẹ́ sílẹ̀, wọ́n bi í bóyá nǹkan kan ń ṣe é, òun fúnra rẹ̀ sì dáhùn pé kò sí. Kí ló tún wá fẹ́ lẹ́yìn bí ọgbọ̀n ọdún? Wọ́n ní kó wá síwájú ìgbìmọ̀ lóṣù tó ń bọ̀. Bí ìgbìmọ̀ bá kọ̀, ó parí nìyẹn.

"Kí ló dé tí ẹ fi dúró pẹ́ tó báyìí, Bàbá?"

Ó rẹ́rìn-ín. "Sọ́jà ló ń jọba. Ṣé kí n lọ fẹjọ́ sọ́jà sun sọ́jà ni?"

Màmá sọ láti ẹnu ọ̀nà pé, "Bó pẹ́ bó yá, akólòlò á pe baba. Ẹ jẹ́ kí bàbá yìí pe tiẹ̀."

Mo bèèrè ìbéèrè mi kejì, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ojú tì mí díẹ̀: èrè wo ló wà níbẹ̀? Kò bínú. Ó ní owó oṣooṣù náà dára, òun kò ní parọ́. Ṣùgbọ́n àwọn tí wọ́n bá gbà wọlé tún lè gba ìtọ́jú nílé ìwòsàn àwọn ológun, ohun tí òun ń wá gan-an nìyẹn. Ó fa ìpéǹpéjú rẹ̀ sílẹ̀ kí n wò ó. Ohun funfun kan ti ń bo ẹyinjú rẹ̀ bí omi ìrẹsì.

"Ojú ni mo fi ń gbọ́ràn," ló wí. "Mò ń wo ẹnu yín ni. Bí ojú bá tún lọ, ta ni mo tún fẹ́ bá sọ̀rọ̀?"

Àwọn àgbà ní agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni. N kì í ṣe àgbà, ṣùgbọ́n mo di òwe náà mú. Mo sọ fún un pé màá wádìí ọ̀rọ̀ náà, n kò sì sọ fún un pé mo gbà á gbọ́. Ìdí ni pé nǹkan kan ti ń jẹ mí lọ́kàn láti ìgbà tó ti ń sọ̀rọ̀, ohun náà sì wà lẹ́yìn rẹ̀ gan-an, irin dúdú tó ga jù mí lọ. Ẹ̀rọ ìtẹ̀wé! Ẹni tó bá dúró ti irú ẹ̀rọ yẹn fún ọ̀pọ̀ ọdún, ṣé àgbá ogun ló yẹ kó ru ẹ̀bi etí rẹ̀? Bí èmi bá rò ó, ìgbìmọ̀ náà á rò ó.

Ní ọ̀sán ọjọ́ kejì, mo bi Màmá. Ó tú gèlè rẹ̀, ó tún un wé kó tó dá mi lóhùn, mo sì mọ̀ pé mo ti wọ gàù.

"Ṣé ẹ̀rọ olóògbé ọkọ mi lò ń fẹ̀sùn kàn báyìí? Ẹ̀rọ tó rán ọmọ mẹ́rin níléèwé?"

"Rárá o, Màmá. Mo kàn ń bèèrè ni."

"O kàn ń bèèrè. Ẹ wo ẹnu bí ẹnu ọlọ́pàá."

Nígbà tí inú rẹ̀ rọ̀, ó sọ fún mi pé nígbà tí Bàbá Sọ́jà dé ọ̀dọ̀ wọn, kò sí ẹ̀rọ ńlá kankan. Èyí tí wọ́n ń fi ẹsẹ̀ tẹ̀ bíi ti télọ̀ ni ọkọ rẹ̀ ní, èyí tí òun máa ń tẹ́ ọmọ sùn sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ìgbà náà ni etí bàbá ti di, ìgbà náà ló sì bẹ̀rẹ̀ sí fi ọwọ́ júwe nǹkan, torí pé kò fẹ́ kí wọ́n máa pariwo mọ́ òun bí ọmọ ẹran. Ó fún imú pọ̀ fún kẹrosíìnì, ó fi àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì ra ara wọn fún bébà, ó fọwọ́ kan etí fún ọ̀gá. Àwọn ọmọ iṣẹ́ ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Ìgbà tí ẹ̀rọ oníná dé, tí ẹnikẹ́ni kò gbọ́ ti ẹnìkejì mọ́, ni wọ́n rí i pé bàbá nìkan ni nǹkan kò yí padà fún. Gbogbo wọn wá kọ́ èdè ọwọ́ rẹ̀.

Bí èyí bá jẹ́ òótọ́, a jẹ́ pé etí ti lọ kí ariwo tó dé. Ṣùgbọ́n Màmá fẹ́ràn bàbá náà, ó sì ń gbèjà ẹ̀rọ ọkọ rẹ̀, nítorí náà n kò fẹ́ gba ọ̀rọ̀ rẹ̀ nìkan. Mo bẹ̀rẹ̀ sí yà sí àwọn ilé ìtẹ̀wé mìíràn bí mo bá parí iṣẹ́, láti òpópónà wa títí dé apá Onípanu. N kì í sọ̀rọ̀. Màá dúró lẹ́nu ọ̀nà níbi tí ẹ̀rọ ti ń pariwo, màá fún imú mi pọ̀. Bí mo ṣe ń ṣe bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń na kẹrosíìnì sí mi. Ní ibì kan, ọ̀gá wọn jáde wá bi mí bóyá n ó san owó kẹrosíìnì tàbí ṣe ni mo wá tọrọ. Mo bi í ta ló kọ́ wọn ní àmì yẹn. Ó ní ilé tí òun ti kọ́ṣẹ́ nígbà ọ̀dọ́ òun ni. Ilé Màmá ni. Ó ní sọ́jà adití kan wà níbẹ̀, ṣé ó ṣì wà láyé? Ó ní ẹ̀rọ ẹlẹ́sẹ̀ ni òun bá a nídìí rẹ̀.

Ó yà mí lẹ́nu láti rí i pé odidi àdúgbò ń fi ọwọ́ sọ ọ̀rọ̀ tí ọkùnrin kan tó ti ojú ogun bọ̀ dá sílẹ̀, tí púpọ̀ nínú wọn kò sì mọ orúkọ rẹ̀. Mo fọwọ́ sí ìdajì ọ̀rọ̀ bàbá náà nínú ọkàn mi. Ó ku ìdajì tó le jù. Bí etí rẹ̀ bá ti lọ lóòótọ́, kí ló mú un sọ fún ọ̀gá ológun pé kò sí nǹkan tó ń ṣe òun? Mo bi í lẹ́ẹ̀mẹta. Ẹ̀ẹ̀mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló búra pé òun kò sọ bẹ́ẹ̀ rí. Ọ̀rọ̀ fáìlì àti ọ̀rọ̀ tirẹ̀, ọ̀kan nínú méjèèjì kò lè jẹ́ òótọ́, bẹ́ẹ̀ ni mo rò.

Ọ̀rọ̀ kàlẹ́ńdà ìjọ kan ló là mí lójú. Bàbá ti fi gbogbo àárọ̀ po yíǹkì pupa kan, ó ń fi tibí kún tọ̀hún títí ó fi rí àwọ̀ tí pásítọ̀ fẹ́. Ó gbé e sínú agolo kan sí ìsàlẹ̀ tábìlì mi. Mo ń gbálẹ̀, mo bẹ̀rẹ̀, mo rí agolo náà, mo fọwọ́ kan bàbá lẹ́sẹ̀, mo bèèrè láì gbójú sókè pé, "Bàbá, ṣé kí n da èyí nù?"

"Bẹ́ẹ̀ ni," ló dáhùn kíákíá, ó tún mi orí sí i.

Mo dà á nù. Kò pẹ́ tó fi bẹ̀rẹ̀ sí wá agolo rẹ̀, ó wo gọ́tà, ó rí pupa, ó figbe ta.

"Ta ló ní kí o dà á nù? Ta ló rán ọ?"

"Ẹ̀yin ni, Bàbá! Mo bi yín, ẹ ní bẹ́ẹ̀ ni!"

"Èmi? N kò sọ bẹ́ẹ̀ láéláé!"

Màmá fi ọwọ́ bo ẹnu, ó ń rẹ́rìn-ín. Èmi kò lè rẹ́rìn-ín. Mo dúró síbẹ̀ tí ìgbálẹ̀ wà lọ́wọ́ mi, torí pé mo ti rí bí ènìyàn ṣe lè dáhùn ìbéèrè, kó sì búra pé òun kò dáhùn rẹ̀, láì parọ́ rárá.

Mo fà á jókòó, mo sọ̀rọ̀ díẹ̀díẹ̀ kó lè rí ẹnu mi. Mo ní kó sọ bí ọjọ́ tó fi iṣẹ́ ológun sílẹ̀ ṣe rí. Ó ní wọ́n tò lọ bí èrò ọ̀nà omi. Ọ̀gá kan jókòó ti tábìlì, ó ń kọ̀wé, fìlà bo ojú rẹ̀, kò gbójú sókè wo ẹnikẹ́ni. Ó ń bi olúkúlùkù ní nǹkan kan. Ẹni tó wà níwájú bàbá dá a lóhùn pé "Nó, sà," wọ́n ní kó máa lọ. Ẹni tó tún wà níwájú ìyẹn ti sọ bákan náà.

"Kí ni ọ̀gá náà bi yín?"

"Ibo ni mo ti fẹ́ mọ̀? N kò rí ẹnu rẹ̀."

"Kí lẹ wá sọ?"

"Nó, sà."

"Kí ló dé tí ẹ kò ní kó tún un wí?"

Bàbá wò mí bí ẹni pé mo bọ́ aṣọ lójú ọjà. "Kí n sọ fún ọ̀gá ológun pé hẹ̀n? Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí! Nílé wa, bí àgbà bá sọ̀rọ̀ tí ọmọ wí pé hẹ̀n, ìgbátí ló ń tẹ̀lé e. Nínú iṣẹ́ ológun, ọ̀gá kì í sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀mejì."

Ó ṣàlàyé pé òun ti kọ́ ọ láti ìgbà náà: ẹni tó bá ń bi gbogbo ayé pé kí ni wọ́n wí, ayé kò ní bá a sọ̀rọ̀ mọ́. Ṣùgbọ́n "bẹ́ẹ̀ ni" kì í dá ìjà sílẹ̀. "Bẹ́ẹ̀ ni" ló fi fẹ́ ìyàwó, "bẹ́ẹ̀ ni" ló sì fi gba ipò díákónì tí kò mọ̀ pé wọ́n ń fi lọ òun. Èyí pa á lẹ́rìn-ín púpọ̀.

Kò pa mí lẹ́rìn-ín, nítorí mo ti ń ro ti ìgbìmọ̀. Mo bẹ̀ ẹ́ pé bí kò bá gbọ́ ìbéèrè wọn, kó sọ pé òun kò gbọ́. Ó gbà. Mo dán an wò, mo kọ ẹ̀yìn sí i, mo bèèrè bóyá ewúrẹ́ ni ìyá rẹ̀. "Bẹ́ẹ̀ ni," ló wí. A dán an wò títí ó fi sú wa. Ìwà tí ènìyàn fi ọgbọ̀n ọdún kọ́, oṣù kan kò lè gbà á lọ́wọ́ rẹ̀.

Gbọ̀ngàn kan tí kò jìnnà sí Ọbáníkòró ni ìgbìmọ̀ jókòó sí. Èmi àti Màmá wà lórí bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn. Alága, ọ̀gá ológun tó ti fẹ̀yìn tì, wọ agbádá funfun. Dókítà ológun kan tí kò tíì dàgbà púpọ̀ jókòó sí ọ̀tún rẹ̀. Bàbá dúró ṣánṣán níwájú wọn, ó so apá mọ́ ẹ̀gbẹ́, gbogbo ọjọ́ orí rẹ̀ bọ́ sílẹ̀. Alága ṣí fáìlì, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí sọ̀rọ̀ sínú fáìlì náà.

"Bàbá, wọ́n ní ilé ìtẹ̀wé lẹ ti ń ṣiṣẹ́ láti ìgbà yìí wá. Ṣé ariwo ẹ̀rọ ló wá ba etí yín jẹ́?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà!"

"Yéè! Mo gbé!" ni Màmá wí.

Alága ti mú bírò. N kò tíì sọ̀rọ̀ láàárín àwùjọ rí láìjẹ́ pé wọ́n pè mí, ṣùgbọ́n mo dìde. "Ẹ jọ̀ọ́, sà. Kò gbọ́ ìbéèrè yẹn."

"Ta nìyí? Ó gbọ́. Ṣé ẹ ò rí i pé ó dáhùn ni?"

"Ìdí tí mo fi mọ̀ pé kò gbọ́ nìyẹn, sà. Bó bá gbọ́, á rò ó wò kó tó dáhùn."

Alága fẹ́ kí wọ́n mú mi jáde, ṣùgbọ́n dókítà náà ti ń wo bàbá bí ẹni tó rí ohun tó dùn ún wò. Ó gbé ìwé bo ẹnu rẹ̀, ó sì gbé ohùn sókè.

"Bàbá, mọ́tò alága tí wọ́n jí lánàá, ṣé ẹ̀yin lẹ jí i?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà!"

Gbọ̀ngàn hó. Akọ̀wé fi orí lé tábìlì. Alága pàápàá rẹ́rìn-ín, agbádá rẹ̀ ń mì. Bàbá wò wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, nígbà tó rí i pé gbogbo ènìyàn ń rẹ́rìn-ín, òun náà rẹ́rìn-ín pẹ̀lú wọn. Ẹ̀rín yẹn ni kò jẹ́ kí n lè wo iwájú mọ́.

Dókítà ni ó kọ́kọ́ dákẹ́. Ó ní kí Màmá wá sọ ti ẹ̀rọ ẹlẹ́sẹ̀, Màmá sì sọ ọ́ tìgbéraga-tìgbéraga. Lẹ́yìn náà ni dókítà yí tábìlì po, ó dúró níwájú bàbá, ó gbé ojú rẹ̀ sún mọ́ tirẹ̀, ó sì la ẹnu dáadáa.

"Bàbá, ọjọ́ tí ẹ fi iṣẹ́ ológun sílẹ̀, ṣé nǹkan kan ń ṣe yín?"

"Ó ń ṣe mí, sà," ló wí. "Etí mi ti lọ. Ẹnikẹ́ni kò bi mí."

Akọ̀wé kọ ọ́ sílẹ̀. Wọ́n ní ká máa lọ, wọ́n á ránṣẹ́.

Ọ̀pọ̀ ọdún ti kọjá. Mo ti rí ọ̀pọ̀ ìwé tí wọ́n kọ ìdáhùn ènìyàn sí láti ìgbà náà, torí pé ibi tí wọ́n ń tọ́jú ìwé ìtàn sí ni mo ń ṣiṣẹ́. Mo ṣì ń bèèrè ibi tí ẹni tó sọ̀rọ̀ wà àti èrè tó wà níbẹ̀ fún un. Mo ti fi ìkẹta kún un: ṣé ó rí ẹnu ẹni tó bi í? Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí ẹ̀tọ́ bàbá náà, n kò lè sọ ọ́ tán. Iṣẹ́ dé fún mi ní Ìlọrin kí ìdáhùn ìgbìmọ̀ tó dé. Ẹnì kan ní owó náà ń wọlé lóṣooṣù. Ẹlòmíràn ní ẹ̀ẹ̀kan péré ló wọlé. Màmá ní wọ́n gbà á wọlé, ṣùgbọ́n Màmá kì í pa òdiwọ̀n mọ́ bí inú rẹ̀ bá dùn. N kò fi ojú mi rí ìwé kankan.

Èyí tí mo fi ojú mi rí ni pé nígbà ọyẹ́ ọdún tó tẹ̀lé e, mo wá sí Èkó, wọ́n sì darí mi sí ilé ìwòsàn àwọn ológun. Bàbá jókòó sórí ibùsùn. Wọ́n ti tú aṣọ tí wọ́n fi di ojú rẹ̀ kan lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ láàárọ̀ ọjọ́ yẹn. Mo dúró ní ìsàlẹ̀ ibùsùn, mo kí i wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, torí pé àwọn mìíràn ń sùn. Ó tẹjú mọ́ ẹnu mi fún ìgbà díẹ̀.

"Ètè ẹ ti bó," ló wí. "Ṣé wọn ò ní òrí ní Ìlọrin ni?"